Kí Akẹ́kọ̀ọ́ Má Baà Sùn

Bí ìdánwò bá dé, obì ni ọ̀pọ̀ nínú wa fi ń lé oorun. Ní Amẹ́ríkà, oògùn ni tiwọn. Los Angeles ló ti bẹ̀rẹ̀: lọ́jọ́ 3 oṣù kẹfà 1929, Gordon Alles, tó ń wá oògùn ikọ́ fée, gba abẹ́rẹ́ amphetamine mílígíráàmù 50. Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ru, àyà rẹ̀ ń lù kìkì, àmọ́ ara rẹ̀ yá gágá. Oorun òru ọjọ́ náà kò dára.

Nígbà tó di 1937, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Minnesota ti ń gbé e mì kí wọ́n lè kàwé. Ara yíyá ni wọ́n gbọ́. Ta ló bi wọ́n léèrè àyà? Oògùn náà ń tú noradrenaline sílẹ̀, ọkàn á wá máa sáré bí ìgbà tí ajá ń léni. Ọkàn tí ìlù rẹ̀ kò dọ́gba tẹ́lẹ̀ lè dáṣẹ́ sílẹ̀. Ẹnì kan nínú wa ní irú ọkàn bẹ́ẹ̀. Dókítà ti ní kó jáwọ́ nínú obì pàápàá.