Súìtì Líle Alásè-nílé ní Agbègbè Atakpamé

Kí ṣúgà tó gbòde ní Atakpamé ní ilẹ̀ Togo, oyin inú igi ló ń dùn lẹ́nu àwọn Ifẹ̀, tí àwọn mìíràn ń pè ní Àná. Ọ̀nà jíjìn ni ṣúgà gbà wá. Àwọn ará India ló kọ́kọ́ mọ bí a ti ń se omi ìrèké títí yóò fi di oníhóró. Àwọn Lárúbáwá gbé ọgbọ́n náà lọ sí ìwọ̀-oòrùn, òyìnbó sì fi ẹrú Áfíríkà gbin ìrèké kún Bràsíìlì. Ní Yúróòpù àtijọ́, ọwọ́ apòògùn ni súìtì wà. Lẹ́yìn tí Andreas Marggraf rí ṣúgà nínú bíìtì ní Berlin lọ́dún 1747 ló wá di pọ́ọ́kú díẹ̀díẹ̀.

Àwọn Jámánì tó gba Togo ní 1884 la ojú irin láti Lomé dé Atakpamé kí ogun 1914 tó bẹ́. Òwú ni wọ́n ń wá, kì í ṣe adùn ẹnu ọmọ ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tó ń kó òwú sọ̀ kalẹ̀ náà ló ń gbé ẹrù èbúté gòkè. Ó di àwọn ọdún 1980 kí ilé iṣẹ́ ṣúgà tí àwọn ará Ṣáínà kọ́ tó dìde ní Anié, nǹkan bí kìlómítà 30 sí àríwá ìlú.

Ìkòkò kò bèèrè ibi tí ṣúgà ti wá. Ife ṣúgà méjì, ife omi kan, oje ọsàn wẹ́wẹ́ díẹ̀: oje yìí ń já díẹ̀ lára ṣúgà sí glucose àti fructose, kò sì ní í jẹ́ kó padà di yanrìn. Tó bá ti hó, ẹ má rò ó mọ́. Bí omi ti ń gbẹ ni ooru ń gòkè. Ní 120 °C, ó ṣì ṣeé fi ọwọ́ yí. Ní nǹkan bí 150, ẹ kán an sínú omi tútù, yóò ṣẹ́ kọ́ọ́. Omi tútù yìí ni òṣùwọ̀n ẹni tí kò ní tẹmómítà, mo sì gbà pé ó tó. Ẹni tó bá fẹ́ adùn atalẹ̀, omi atalẹ̀ ń bá a hó látìbẹ̀rẹ̀. Èròjà olóòórùn dídùn inú ìgò ń dúró dìgbà tí a bá sọ ìkòkò kalẹ̀, kó má baà fò lọ.

Ọyẹ́ ni àsìkò rẹ̀. Lójò, súìtì a máa fa omi afẹ́fẹ́, a lẹ̀ mọ́ra, àfi kí a tètè fi ọ̀rá wé e.

Bàbá dúdú, súìtì ti Nàìjíríà, ń fẹ́ omi àgbọn, etíkun sì ni àgbọn pọ̀ sí. Ní Atakpamé, tó fi nǹkan bí kìlómítà 160 jìnnà sí Lomé, ẹ̀pà ló sún mọ́ ọwọ́: a yan án, a bó o, a dà á sínú ṣúgà tó ti yọ́, a tẹ́ ẹ pẹlẹbẹ, a gé e kó tó le.