Bí Àkójọ Géèmù Ṣe Kúrò Lórí Pẹpẹ

Ẹni tí ó bá bi ọmọ ìwòyí léèrè pé níbo ni géèmù rẹ̀ wà kò ní rí i kí ó na ìka sí àpótí tàbí pẹpẹ. Orúkọ ilé-iṣẹ́ kan tí ó wà lókè òkun ni ọmọ náà yóò dá, yóò sì fi àdírẹ́sì ímeèlì tí ó fi forúkọ sílẹ̀ níbẹ̀ kún un. Bẹ́ẹ̀ ni kò tíì pé ọgọ́ta ọdún tí géèmù orí tẹlifíṣọ̀n dé ọjà, nígbà tí ó jẹ́ ohun tí ọwọ́ lè gbá mú, tí a lè gbé pamọ́ sábẹ́ ibùsùn, tí a lè yá ọ̀rẹ́, tí olè sì lè jí. Ìtàn bí ó ṣe kúrò ní ohun tí à ń gbé lọ́wọ́, tí ó di ohun tí à ń fi orúkọ bèèrè lọ́wọ́ ẹlòmíràn, ni mo fẹ́ là sílẹ̀ níhìn-ín, nítorí mo ti ṣàkíyèsí pé ọ̀pọ̀ àwọn tí ń pariwo pé géèmù àwọn sọnù, kò sí ohun tí ó sọnù lọ́wọ́ wọn bí kò ṣe orúkọ tí wọ́n fi rà á.

Ní ọdún 1972 ni ilé-iṣẹ́ Magnavox ní Amẹ́ríkà gbé Odyssey jáde, èyí tí Ralph Baer, ọmọ Júù tí wọ́n bí ní Jámánì tí ìdílé rẹ̀ sì sá àsálà fún ìjọba Hitler, fi ọpọlọ rẹ̀ gbé kalẹ̀. Káàdì pẹlẹbẹ ni wọ́n ń kì bọ inú rẹ̀ láti pààrọ̀ eré, ṣùgbọ́n káàdì náà kò gbé eré kankan lọ́wọ́: inú ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ ni gbogbo ọgbọ́n eré wà, iṣẹ́ káàdì kò sì ju kí ó so ojú-ọ̀nà iná kan mọ́ òmíràn lọ. Ẹni tí ó bá to káàdì wọ̀nyí jọ sórí pẹpẹ, kọ́kọ́rọ́ ni ó kó jọ. Gbogbo ẹrù ṣì wà nínú ilé tí Magnavox kọ́.

Ẹni tí ó yí ọ̀ràn náà padà ni Gerald Lawson, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Jerry, adúláwọ̀ ọmọ Brooklyn tí wọ́n bí ní 1940, géńdé tí ó ga ju ẹsẹ̀ bàtà mẹ́fà lọ, tí ó ti ń tún tẹlifíṣọ̀n onítẹlifíṣọ̀n ṣe láti ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀. Ilé-iṣẹ́ Fairchild ní California ni ó wà nígbà tí wọ́n fi í ṣe olórí àwọn tí yóò ṣe ẹ̀rọ géèmù kan fún títà. Ilé-iṣẹ́ kékeré kan tí ń jẹ́ Alpex ni ó kọ́kọ́ ronú pé a lè kó eré sínú ègé tí ó ṣeé yọ, Wallace Kirschner àti Lawrence Haskel ni wọ́n sì ṣe é. Ṣùgbọ́n láàárín èrò àti ọjà, igbó dí púpọ̀. Ẹ̀rù ń ba àwọn ará Fairchild, tí wọ́n gba èrò náà lọ́wọ́ Alpex, pé ọmọdé tí yóò máa kì í bọ̀ ọ́, tí yóò máa fà á yọ, ní àìmọye ìgbà, yóò ba ẹnu rẹ̀ jẹ́, tàbí kí iná tí ń ta ní ara ènìyàn pa ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Lawson àti àwọn alábàáṣiṣẹ́ rẹ̀ ni wọ́n fi ike bò ó, tí wọ́n wá ẹnu tí yóò gba kíkì àti yíyọ fún un, títí tí Channel F fi jáde ní oṣù kọkànlá ọdún 1976. Aláwọ̀ ìyeyè ni àwọn kátíríìjì rẹ̀, Videocart ni orúkọ wọn, nọ́ńbà sì wà lára ọ̀kọ̀ọ̀kan, tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ó bá tò wọ́n yóò mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ìkẹta ni kò sí nílé. Òdú kì í ṣe àìmọ̀ fún olóko, síbẹ̀ ó pẹ́ kí àwọn tí ń jẹ ẹ̀fọ́ yìí tó mọ ẹni tí ó gbìn ín: oṣù kẹta ọdún 2011 ni ẹgbẹ́ àwọn tí ń ṣe géèmù tó bu ọlá fún Lawson ní gbangba, ní oṣù tí ó tẹ̀ lé e ni ó sì papò dà.

Atari gbé tirẹ̀ jáde ní 1977, Nintendo sì gbé Famicom jáde ní Japan ní 1983, ilé àwọn ènìyàn sì kún fún kátíríìjì. Ayédèrú Famicom ni ó pọ̀ jù nínú èyí tí ó dé ọ̀dọ̀ wa. Ẹni tí ó bá dàgbà ní Ìbàdàn tàbí Èkó ní àwọn ọdún 1990 yóò rántí kásẹ́ẹ̀tì tí wọ́n kọ ọ́ sí lára pé eré 9999 ni ó wà nínú rẹ̀, tí ó sì jẹ́ pé bí a bá ti ṣí ojú-ewé díẹ̀ kọjá, àwọn eré àkọ́kọ́ náà ni wọ́n ń pààrọ̀ aṣọ, tí wọ́n sì ń padà wá kí wa lábẹ́ orúkọ mìíràn. N kò tíì pàdé ẹni tí ó kà á dé 9999.

Ní Ìlú Ọba, ọ̀nà mìíràn ni wọ́n gbà. Kásẹ́ẹ̀tì olórin gan-an ni ZX Spectrum, kọ̀ǹpútà tí Clive Sinclair gbé jáde ní 1982, fi ń gba eré sínú, pẹ̀lú ariwo híhan tí ó máa ń gba ìṣẹ́jú mélòó kan, àwọn ọ̀dọ́ sì máa ń ṣe àdàkọ eré mẹ́wàá sórí tẹ́ẹ̀pù kan ṣoṣo. Tẹ́ẹ̀pù kò ní àtòkọ tí ó lè fi han ẹnikẹ́ni. Nọ́ńbà kéékèèké mẹ́ta tí ń yí lójú ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ ni olówó rẹ̀ ń ṣọ́, tí yóò sì fi pẹ́ńsù kọ ọ́ sórí bébà inú páálí kásẹ́ẹ̀tì pé eré báyìí bẹ̀rẹ̀ ní 047, èyí tí ó tẹ̀ lé e ní 112. Bí àbúrò rẹ̀ bá sì gbàgbé láti dá nọ́ńbà padà sí òdo kí ó tó tẹ bọ́tìnnì, gbogbo ìṣirò ti dàrú nìyẹn. Ní Belgrade, ní ilẹ̀ Yugoslavia àtijọ́, Zoran Modli tí ń ṣe ètò Ventilator 202 lórí rédíò ń gbé ariwo náà sí afẹ́fẹ́, àwọn olùgbọ́ a gbà á sílẹ̀ sórí tẹ́ẹ̀pù ní ilé wọn, ilẹ̀ a sì mọ́ bá wọn pẹ̀lú géèmù tuntun tí wọn kò tẹsẹ̀ dé ṣọ́ọ̀bù kankan láti rà.

Ẹni tí owó rẹ̀ tó ra ẹ̀rọ díìsìkì fún kọ̀ǹpútà Commodore 64 ní ìsinmi díẹ̀. Yóò tẹ LOAD "$",8, yóò tún tẹ LIST, orúkọ gbogbo ohun tí ó wà lórí díìsìkì náà yóò sì tò kalẹ̀ lójú tẹlifíṣọ̀n. Ní èrò tèmi, ibẹ̀ ni àkójọ géèmù gẹ́gẹ́ bí a ti mọ̀ ọ́n lónìí ti ṣẹ̀, nítorí láti ọjọ́ náà ni ojú ti kúrò lára páálí, tí ó bọ́ sára àtòkọ. Kọ̀ǹpútà onídóòsì tí ó tẹ̀ lé e kò fún orúkọ ní ju lẹ́tà mẹ́jọ lọ. Windows Vista fẹ́ kó gbogbo géèmù sínú fódà kan tí ń jẹ́ Games, ìwọ̀nba ènìyàn ni ó yà síbẹ̀, Windows 10 sì gbà á kúrò láìsí ẹni tí ó ké.

Àwọn kan ti gbìyànjú láti fi wáyà gbé géèmù wọlé kí ayé tó múra sílẹ̀ fún un. Ní 1983 ni William von Meister gbé GameLine jáde fún Atari, tí ó ń gba orí wáyà tẹlifóònù. Òwò náà kò pẹ́ tí ó fi wó, láti inú àlàpà rẹ̀ ni ilé-iṣẹ́ tí ó di AOL ti hù. Sega Channel tẹ̀ lé e ní 1994, ó gba orí wáyà tẹlifíṣọ̀n, ṣùgbọ́n bí a bá ti pa ẹ̀rọ, géèmù inú rẹ̀ lọ nìyẹn, a ó tún fà á wálẹ̀ lọ́jọ́ kejì. Ohun tí ń bẹ lẹ́yìn ẹ̀fà ó ju èje lọ.

Ní ọjọ́ kejìlá oṣù kẹsàn-án ọdún 2003 ni ilé-iṣẹ́ Valve, tí Gabe Newell jẹ́ olórí rẹ̀, ṣí Steam, ètò tí ń gba orí íntánẹ́ẹ̀tì gbé géèmù wá sórí kọ̀ǹpútà, sílẹ̀ ní ìpínlẹ̀ Washington. Ohun tí ó bí i ni wàhálà àtúnṣe: nígbàkúùgbà tí wọ́n bá tún géèmù wọn Counter-Strike ṣe, ọ̀pọ̀ àwọn tí ń fi í ṣeré kò ní lè bá ara wọn pàdé mọ́ títí tí olúkúlùkù yóò fi rí àtúnṣe náà gbà. Àwọn ènìyàn kò fẹ́ràn Steam rárá. Nígbà tí Half-Life 2, géèmù Valve mìíràn, jáde ní oṣù kọkànlá ọdún 2004, ẹni tí ó ti fi owó rẹ̀ ra páálí àti díìsìkì ní ṣọ́ọ̀bù délé, ó sì bá a pé òun kò lè ṣí i àfi kí òun bọ́ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí òun forúkọ sílẹ̀, kí Steam sì gbà fún òun. Èébú rọ̀ bí òjò lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n ọjọ́ náà gan-an ni ilẹ̀ yí padà: díìsìkì di ẹrù lásán, orúkọ sì di olóhun.

Bí a bá ń sunkún, à máa ríran. Ẹni tí kọ̀ǹpútà rẹ̀ bá jóná lẹ́yìn ìgbà náà lè ra òmíràn, kí ó tẹ orúkọ àti ọ̀rọ̀ aṣínà rẹ̀ sí i, kí gbogbo géèmù rẹ̀ sì tún jáde ní ìlà. Irú èyí kò ṣẹlẹ̀ rí fún ẹni tí kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ jóná. Àgbàtán ni à ń gba ọ̀lẹ: ní 2008 Valve bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́jú ibi tí onígéèmù bá eré dé, tí òun náà yóò sì máa tẹ̀ lé orúkọ rẹ̀ kiri. Lónìí, lórí Steam, Library ni ẹni tí ń wá àkójọ rẹ̀ yóò tẹ; orúkọ géèmù tí ó ti wà lórí kọ̀ǹpútà a mọ́lẹ̀, ti èyí tí kò sí níbẹ̀ a ṣókùnkùn; bí ó bá sì jẹ́ fáìlì wọn ni ó ń wá, wọ́n wà nínú fódà common, tí ó wà nínú steamapps. Ìṣòro tí ó kù ni pé Valve kò dá ọjà náà ná mọ́: EA ṣí Origin ní 2011, Epic ṣí ṣọ́ọ̀bù tirẹ̀ ní oṣù kejìlá ọdún 2018, ó sì ń fi géèmù tọrẹ, débi pé ẹni kan náà lè ra ohun tí ó ti ní sílẹ̀ ní ibòmíràn tí kò sì mọ̀.

Àwọn ẹ̀rọ abẹ́ tẹlifíṣọ̀n kò yára bẹ́ẹ̀. Ní 2006 ni Nintendo ṣí Wii Shop, ṣùgbọ́n ara ẹ̀rọ tí a fi rà á ni géèmù lẹ̀ mọ́, kì í ṣe ara ènìyàn. Bí Wii yẹn bá kú, ó di kí a máa bẹ ilé-iṣẹ́. PlayStation àti Xbox ní tiwọn so ó mọ́ orúkọ. Lórí PlayStation 5, ìparí ìlà géèmù ní ọwọ́ ọ̀tún ni Game Library wà; lórí Xbox, My games & apps ni à ń tẹ̀, kí a tó dé Full library; lórí Switch, géèmù méjìlá péré ni ojúde rẹ̀ ń fi hàn, àwọn tí ó kù wà lẹ́yìn All Software, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í dé tí wọ́n fi ń sọ pé Switch jẹ géèmù àwọn.

Ti fóònù yá ju gbogbo wọn lọ. Taneli Armanto ni ó ṣe ejò orí Nokia 6110 ní 1997, àkójọ géèmù ìgbà náà kò sì ju mẹ́ta lọ. Lẹ́yìn náà ni géèmù Java dé, tí àwọn ọ̀dọ́ wa ń gbà láti Waptrick, tí wọ́n sì ń fi Bluetooth pín káàkiri kíláàsì. Oṣù keje ọdún 2008 ni Apple ṣí App Store, Android Market ṣí ní oṣù kẹwàá ọdún kan náà, ó sì di Google Play ní 2012. Ẹni tí ó bá tẹ àwòrán ara rẹ̀ lókè nínú èyíkéyìí nínú méjèèjì yóò rí àtòkọ ohun tí ó ti gbà rí, títí kan èyí tí ó ti pa rẹ́ kúrò lórí fóònù. Kí a rí orúkọ kò sì túmọ̀ sí pé yóò ṣiṣẹ́: láti ìgbà tí iOS 11 dé ní 2017, àwọn géèmù ayé àtijọ́ tí wọ́n kọ fún ẹ̀rọ oníbíìtì 32 kò ṣí lórí iPhone mọ́, ẹni yòówù tí ó san owó wọn.

Fún àwa ará ilẹ̀ yìí, orúkọ náà ní ẹ̀ka tí àwọn ẹlòmíràn kò mọ̀ lára. Fún ọ̀pọ̀ ọdún ni kò sí Nàìjíríà nínú àwọn orílẹ̀-èdè tí a lè yàn bí a bá ń ṣí àkáǹtì PlayStation, nítorí náà ọmọ Ọ̀yọ́ tí kò wọ ọkọ̀ òfurufú rí di ará California lórí ìwé, ọmọ Ìjẹ̀bú di ará London, káàdì owó ìlú tí ó bá yàn nìkan ni ó sì lè ná níbẹ̀. Ẹni tí ó bá yàn Amẹ́ríkà lónìí tí ó sì fi Ìlú Ọba ṣí òmíràn lọ́la ti pín àkójọ rẹ̀ sí ọ̀nà méjì, kò sì sí ọ̀nà tí yóò fi so wọ́n pọ̀.

Ẹ̀wù àtọrọwọ̀ kì í bá ni lára mu. Bí kò fún ni lápá, a sò lọ́rùn. Wii Shop ti ìlẹ̀kùn ní ọjọ́ 30 oṣù kìíní ọdún 2019, ti 3DS àti Wii U ti tiwọn ní oṣù kẹta ọdún 2023, ti Xbox 360 sì ti tirẹ̀ ní oṣù keje ọdún 2024. Ti P.T., géèmù PlayStation tí Hideo Kojima ṣe, ni ó le jù: ọ̀fẹ́ ni wọ́n fi ta àwọn ènìyàn lọ́rẹ ní 2014, ní 2015 wọ́n gbà á kúrò, àwọn tí orúkọ rẹ̀ sì wà nínú àkójọ wọn kò rí i fà wálẹ̀ mọ́, tó bẹ́ẹ̀ tí PlayStation tí ó ṣì wà nínú rẹ̀ di ohun tí wọ́n ń fi owó gọbọi tà. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2024 ni wọ́n fi ọwọ́ sí òfin kan ní California pé ẹni tí ń ta irú ọjà bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ là á yé oníbàárà pé àṣẹ àtilò ni ó ń rà, Steam sì kọ ọ́ síbi ìsanwó ní oṣù tí ó tẹ̀ lé e.

GOG, ilé-iṣẹ́ kan ní ilẹ̀ Poland tí ó ti wà láti 2008, yára sọ fún gbogbo ènìyàn nígbà náà pé fáìlì tí oníbàárà bá ti fà wálẹ̀ láti ọ̀dọ̀ àwọn, àwọn kò ní agbára láti gbà á padà, nítorí kò sí àgádágodo kankan lára rẹ̀. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fẹ́ kó gbogbo tirẹ̀ sórí díìsìkì ara rẹ̀ ní Nàìjíríà yóò kọ́kọ́ ra dátà tí yóò fà á, géèmù ńlá kan ní ayé òde òní a sì máa ju gígábáìtì àádọ́ta lọ.