Daphne Oram: Obìnrin tí ó Ya Ohùn bí Ẹni Ya Àwòrán

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ẹni tí ó bá ṣe ohun tí ẹnìkan kò ṣe rí, ojú rẹ̀ yóò rí ohun tí ẹnìkan kò rí rí. Ẹ̀yin òǹkàwé mi, ìtàn tí mo fẹ́ sọ fún yín lónìí bá òwe yìí mu régí. Ìtàn obìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan ni. Daphne Oram ni orúkọ rẹ̀. Iṣẹ́ ìgbohùnsílẹ̀ ni ó fi bẹ̀rẹ̀ ayé rẹ̀. Orin àwọn ẹlòmíràn ni ó ń tún ohùn rẹ̀ ṣe kí ó lè dùn létí àwọn tí ń gbọ́ rédíò. Ṣùgbọ́n ohun tí ọkàn rẹ̀ ń fẹ́ ni pé kí òun náà fi àwọn ẹ̀rọ wọ̀nyẹn dá orin tirẹ̀. Ohun tí ojú rẹ̀ rí kí ó tó ṣe é, àti bí ó ti pẹ́ tó kí ayé tó gbọ́, ni kókó ọ̀rọ̀ wa.

Ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 1925 ni wọ́n bí i ní ìlú Devizes, ní agbègbè Wiltshire, níhà gúúsù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Láti kékeré ni ó ti ń tẹ dùùrù, tí ó sì ń kọ́ bí a ti ń kọ orin sílẹ̀. Ní ọdún 1942, Royal College of Music, ilé ẹ̀kọ́ orin olókìkí tí ó wà ní Lọ́ńdọ̀nù, fún un ní àyè láti wá kẹ́kọ̀ọ́. Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ni ì bá jó, ì bá yọ̀. Òun kọ àyè náà sílẹ̀. Iṣẹ́ ni ó gbà ní ilé iṣẹ́ rédíò BBC ní ọdún 1943, nígbà tí kò tíì pé ọmọ ọdún 18.

Lẹ́nu iṣẹ́ ìgbohùnsílẹ̀

Àsìkò Ogun Àgbáyé Kejì ni. Púpọ̀ nínú àwọn ọkùnrin tí ó mọ iṣẹ́ ẹ̀rọ ti lọ sójú ogun, àyè sì ṣí sílẹ̀ fún àwọn obìnrin. Iṣẹ́ tí wọ́n fi lé Daphne lọ́wọ́ ni pé kí ó máa mú ohùn dọ́gba. Bí ẹgbẹ́ olórin ńlá bá ń kọrin, ẹ̀rọ gbohùngbohùn pọ̀ níwájú wọn. Ẹnìkan gbọ́dọ̀ wà nídìí ẹ̀rọ tí yóò máa gbé ohùn gòjé sókè díẹ̀, tí yóò máa rẹ ohùn fèrè sílẹ̀ díẹ̀, kí ọ̀kan má baà bo èkejì mọ́lẹ̀. Bí ẹni náà bá mọ iṣẹ́, kò sẹ́ni tí yóò mọ̀ pé ó wà níbẹ̀. Bí kò bá mọ̀ ọ́n, gbogbo ayé ni yóò gbọ́.

Iṣẹ́ kan tún wà tí ó ń ṣe nígbà ogun tí ó yani lẹ́nu. Nínú gbọ̀ngàn Royal Albert Hall, níbi tí wọ́n ti ń ṣe àjọ̀dún orin tí wọ́n ń pè ní Proms, yóò jókòó ti ẹ̀rọ tí ń yí àwo orin. Orin tí àwọn olórin ń kọ lórí ìtàgé gan-an ni yóò wà nínú àwo náà, yóò sì máa bá wọn rìn ní ẹsẹ̀ kan náà. Bí ọ̀tá bá ju bọ́ǹbù, tí àwọn olórin sì dákẹ́, yóò yí ohùn sí ti àwo ní kíá, àwọn tí ń gbọ́ nílé kò sì ní mọ̀ pé nǹkan kan ṣẹlẹ̀. Lójú tèmi, ibi yìí ni ìrònú rẹ̀ ti kọ́kọ́ yàtọ̀. Ẹni tí ó bá ti jókòó láàárín orin tí a ń kọ lọ́wọ́ àti orin tí a ti gbà sílẹ̀, tí ó lè fi ìka kan ṣoṣo pààrọ̀ wọn, yóò bẹ̀rẹ̀ sí í bi ara rẹ̀ léèrè bóyá kò ṣeé ṣe kí àwọn méjèèjì di orin kan.

Ìdáhùn rẹ̀ sí ìbéèrè yìí ni iṣẹ́ tí ó parí ní ọdún 1949, tí ó pè ní Still Point. Ẹgbẹ́ olórin ńlá méjì ni ó kọ ọ́ fún, pẹ̀lú gbohùngbohùn márùn-ún àti àwọn àwo tí a ti gba ohùn sí ṣáájú. Ẹni tí ó wà nídìí ẹ̀rọ yóò máa yí ohùn inú àwo padà bí àwọn olórin ti ń kọrin lọ, a ó sì kà á mọ́ àwọn olórin. Ọmọ ọdún 23 ni Daphne nígbà náà. Ó gbé e fún BBC, BBC kò sì gbà á. Ó ká ìwé orin náà, ó fi í pamọ́, ó padà sídìí iṣẹ́.

Iṣẹ́ òru àti yàrá tuntun

Ní àwọn ọdún 1950, ó di alábòójútó yàrá ìgbohùnsílẹ̀ orin. Ó lọ sí ìlú Paris, ó rí ohun tí àwọn òṣìṣẹ́ rédíò ilẹ̀ Faransé ń ṣe. Láti ọdún 1948 ni Pierre Schaeffer ti ń gba ìró ọkọ̀ ojú irin àti ìró oríṣiríṣi nǹkan sílẹ̀ níbẹ̀, tí ó sì ń tò wọ́n di orin. Daphne padà dé ilé, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ àwọn ọ̀gá rẹ̀ pé kí BBC náà ní irú yàrá bẹ́ẹ̀. Kò sí ẹni tí ó yára dá a lóhùn.

Kò jókòó tẹtẹrẹ. Bí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bá ti lọ sílé lálẹ́, yóò kó àwọn ẹ̀rọ téèpù láti yàrá wọn, yóò so wọ́n pọ̀, yóò ṣiṣẹ́ títí di òru, yóò sì dá olúkúlùkù padà sí àyè rẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́. Iṣẹ́ náà kì í ṣe kékeré. Ẹ̀rọ kan ń mú ohùn kan ṣoṣo tí kò ní ẹwà jáde. Ó gbọ́dọ̀ gba ohùn náà sórí téèpù, kí ó fi abẹ gé e, kí ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ òmíràn, kí ó mú un yára tàbí kí ó fà á, kí ó yí i sẹ́yìn kí ìparí rẹ̀ di ìbẹ̀rẹ̀. Orin ìṣẹ́jú kan lè gba ọ̀pọ̀ òru.

Ní ọdún 1957, BBC fẹ́ ṣe eré Amphitryon 38 tí Jean Giraudoux kọ lórí tẹlifíṣọ̀n, Daphne ni ó sì ṣe orin rẹ̀. Kò sí gòjé níbẹ̀, kò sí fèrè. Ẹ̀rọ nìkan ni ó fi dá gbogbo rẹ̀. Ó jẹ́ ìgbà àkọ́kọ́ tí BBC yóò lo irú orin bẹ́ẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin eré. Ní ọdún 1958 ni wọ́n wá ṣí Radiophonic Workshop ní Maida Vale, ní Lọ́ńdọ̀nù, tí wọ́n fi òun àti Desmond Briscoe ṣe olórí ibẹ̀.

Ẹ ó rò pé ìfẹ́ ọkàn rẹ̀ ti ṣẹ. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ohun tí BBC fẹ́ ni ìró tí yóò máa bá eré orí rédíò rìn: ìró ìjì, ìró àlá, ìró ẹ̀rù. Orin ni Daphne fẹ́. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 1958 ni ó lọ sí ìpàdé orin tuntun ní ìlú Brussels, níbi ìpàtẹ àgbáyé. Ó rí i pé ní ilẹ̀ mìíràn, wọ́n gba iṣẹ́ yìí gẹ́gẹ́ bí orin, wọ́n sì bu ọlá fún un. Nígbà tí ó padà dé, ara rẹ̀ kò gbà á mọ́. Ní oṣù Kìíní ọdún 1959, kí yàrá náà tó pé ọdún kan, ó kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ọdún 16 ni ó ti lò níbẹ̀. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni òkìkí yàrá náà kàn, pàápàá ní ọdún 1963 nígbà tí Delia Derbyshire ṣe orin ìbẹ̀rẹ̀ eré Doctor Who níbẹ̀.

Ẹ̀rọ tí ń ka àwòrán

Agbègbè Kent ni Daphne lọ. Ó ra ilé àtijọ́ kan tí wọ́n ti ń sá èso ọtí bíà tẹ́lẹ̀, tí wọ́n ń pè ní Tower Folly, ó sì sọ ọ́ di ilé àti ibi iṣẹ́. Kò sí owó oṣù mọ́. Ó ń ṣe ohùn fún ìpolówó ọjà, fún eré ìtàgé, fún fíìmù. Òun ni ó ṣe ìró ẹ̀rọ inú fíìmù ẹlẹ́rù The Innocents ní ọdún 1961. Ọwọ́ rẹ̀ tún wà nínú ohùn Snow, fíìmù kúkúrú tí Geoffrey Jones ṣe ní ọdún 1963 nípa ọkọ̀ ojú irin àti yìnyín. Iṣẹ́ wọ̀nyí ń bọ́ ọ, ṣùgbọ́n ohun kan wà tí ó ń lé.

Ohun náà ni ẹ̀rọ tí ó fi orúkọ ara rẹ̀ pè, Oramics. Ní ọdún 1962, àjọ Gulbenkian fún un ní owó láti kọ́ ọ. Èrò rẹ̀ rọrùn láti sọ, ó sì le láti ṣe: kí ẹni tí ń dá orin fi ọwọ́ ara rẹ̀ ya ohùn, kí ẹ̀rọ sì ka ohun tí ó yà. Okùn fíìmù mẹ́wàá tí ó fẹ̀ tó mìlímítà 35 ni ó tò sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, tí wọ́n ń rìn papọ̀. Lórí àwọn kan, yóò fi àmì dúdú sọ bí ohùn yóò ti ga tó. Lórí òmíràn, yóò ya ìlà tí ń gòkè tí ń sọ̀ láti sọ bí ohùn yóò ti rinlẹ̀ tó. Lórí dígí pẹlẹbẹ lọ́tọ̀, yóò ya bí ohùn náà fúnra rẹ̀ yóò ti rí, ìyẹn ni pé bóyá yóò dún wínrín bí agogo tàbí yóò dún kíkẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ yóò gba inú fíìmù kọjá, ibi tí ó dúdú yóò dí i, ẹ̀rọ yóò sì sọ ìmọ́lẹ̀ tí ó kù di ohùn.

Àwa tí ń sọ èdè Yorùbá kò yẹ kí èyí ṣòro fún láti lóye. Bí a bá kọ ọ̀rọ̀ kan láìfi àmì sórí rẹ̀, a lè pè é ní ọkọ́, kí ẹlòmíràn sì pè é ní ọkọ̀. Àmì kékeré tí ó wà lórí fáwẹ̀lì ni ó ń sọ fún òǹkàwé ibi tí ohùn yóò gbà. Ohun tí Daphne ń wá ni ìwé orin tí yóò gbé irú àmì bẹ́ẹ̀ dé góńgó, tí kò ní fi ohunkóhun sílẹ̀ fún àfojúsùn. Ó ń ronú pé bí ẹ̀rọ bá gba gbogbo ilẹ̀, ọwọ́ ènìyàn lè sọnù nínú orin. Ìdí nìyí tí ó fi fẹ́ kí ó jẹ́ ọwọ́ ni yóò máa darí ẹ̀rọ náà. Ọ̀rọ̀ yìí wà nínú ìwé tí ó tẹ̀ jáde ní ọdún 1972, An Individual Note of Music, Sound and Electronics.

Àmọ́ ayé ti gba ọ̀nà mìíràn. Ní ọdún 1964, Robert Moog ti fi ẹ̀rọ orin tirẹ̀ hàn ní Amẹ́ríkà. Láìpẹ́, ẹni tí ó bá lówó lè ra irú rẹ̀ ní ìsọ̀, kí ó sì máa tẹ̀ ẹ́ bí dùùrù. Oramics kò kúrò ní Tower Folly. Ẹyọ kan ṣoṣo ni wọ́n kọ́. Ní àwọn ọdún 1980, ìyá àgbà yìí tún jókòó ti kọ̀ǹpútà, ó ń gbìyànjú láti gbé èrò kan náà sínú rẹ̀. Ní àwọn ọdún 1990 ni àrùn rọpárọsẹ̀ kọlù ú, ó sì fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ọjọ́ 5 oṣù Kìíní ọdún 2003 ni ó kú, ní ẹni ọdún 77.

Bó pẹ́ bó yá

Àwọn àgbà ní bó pẹ́ bó yá, akólòlò á pe baba. Daphne kì í da ìwé nù. Lẹ́yìn ikú rẹ̀, àwọn téèpù, lẹ́tà àti ìwé orin rẹ̀ dé Goldsmiths, ilé ẹ̀kọ́ gíga kan ní Lọ́ńdọ̀nù, àwọn onímọ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í tú u wò. Ní ọdún 2011, Science Museum gbé ẹ̀rọ Oramics sí ìta gbangba kí ayé wá wò ó. Kò lè dún mọ́, ṣùgbọ́n àwọn ènìyàn rí àmì tí obìnrin náà fi ọwọ́ ara rẹ̀ yà.

Ó wá ku Still Point. Shiva Feshareki àti James Bulley tẹ̀lé àkọsílẹ̀ tí ó kù, wọ́n tò ó papọ̀, wọ́n sì mú un jáde fún ìgbà àkọ́kọ́ ní ọdún 2016. Lẹ́yìn náà ni a rí ìwé orin rẹ̀ tí ó ti parí, wọ́n sì tún iṣẹ́ náà ṣe. Ní ọjọ́ 23 oṣù Keje ọdún 2018, London Contemporary Orchestra kọ ọ́ níbi àjọ̀dún Proms. Ẹ rántí gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń ṣe é: Royal Albert Hall ni. Nínú ilé tí ọmọdébìnrin kan ti jókòó sídìí àwo nígbà ogun, tí iṣẹ́ rẹ̀ sì jẹ́ pé kí ẹnikẹ́ni má mọ̀ pé ó wà níbẹ̀, ni ẹnìkan ti jókòó sídìí àwo ní ojú gbogbo ènìyàn, gẹ́gẹ́ bí olórin. BBC tí ó kọ orin náà sílẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 69 ṣáájú ni ó gbé e sáfẹ́fẹ́.

Ó dùn mí pé kò sí láyé láti gbọ́ ọ. Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ pé ó fi ìbínú ya ìwé náà ní ọdún 1949, kò sí ẹni tí ì bá gbọ́ ọ láéláé. Ẹ̀yin òǹkàwé mi, ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe iṣẹ́ tí ẹnìkan kò tíì yìn yín lé lórí, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, kí ẹ sì tọ́jú rẹ̀. A kò mọ ilé tí orin wa yóò ti padà dún.

Ó dìgbà kan ná o.