Ivan Hlinka: Láti Litvínov Dé Nagano

Ohun tí wọ́n ti kọ nípa Ivan Hlinka pọ̀, ṣùgbọ́n kò sí lójú kan, òmíràn sì ń tako òmíràn. Àwọn kan ní òun wà lára àwọn ará Czech tí ìjọba kọ́kọ́ jẹ́ kí wọ́n lọ gbá họ́kì orí yìnyín ní NHL, líìgì ńlá Àríwá Amẹ́ríkà. Àwọn kan ní òun ni ará Yúróòpù àkọ́kọ́ tó di akọ́nimọ̀ọ́gbá níbẹ̀. Àwọn mìíràn sì ní aṣọ́lé ló gba wúrà Òlíńpíìkì Nagano, kì í ṣe òun. Mo kó wọn jọ síhìn-ín kí a lè yanjú wọn lẹ́ẹ̀kan.

Ọjọ́ 26 oṣù Kíní ọdún 1950 ni wọ́n bí i ní Most, ìlú awakùsà èédú ní àríwá Bohemia. Litvínov, ìlú ilé iṣẹ́ kẹ́míkà, kò jìnnà síbẹ̀. Ẹgbẹ́ ibẹ̀ ló ti dàgbà, ibẹ̀ ló sì ti di balógun ikọ̀. Ààrin ló máa ń gbá. Ó sígbọnlẹ̀, kì í kánjú, àmọ́ ó máa ń rí ọ̀nà tí páàkì, rọ́bà dúdú pẹlẹbẹ tí wọ́n ń fi igi gbá, yóò gbà kí ẹlòmíràn tó rí i.

Ní 1972 ó gba idẹ Òlíńpíìkì ní Sapporo, ní Jàpáànì. Ọdún náà ni Czechoslovakia gba ìdíje àgbáyé ní Prague lọ́wọ́ Soviet Union, tí kò tíì jẹ́ kó bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ láti 1963. Wọ́n tún gbà á ní 1976 àti 1977. Eré 256 ló gbá fún orílẹ̀-èdè rẹ̀, ó sì gbá góòlù 132.

Ní 1981 ìjọba gbà kí òun àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ Jiří Bubla lọ sí Vancouver ní Kánádà. Àwọn tó ní àwọn méjèèjì ló kọ́kọ́ rí irú àṣẹ bẹ́ẹ̀ gbà ti gbàgbé Jaroslav Jiřík, tó fi àṣẹ ìjọba lọ gbá eré mẹ́ta péré fún St. Louis ní sáà 1969–70. Nínú àwọn tó gbàṣẹ, Hlinka àti Bubla ló kọ́kọ́ fìdí kalẹ̀ síbẹ̀. Sáà méjì ni Hlinka lò, ó lọ sí Switzerland, ó sì padà sílé wá di akọ́nimọ̀ọ́gbá. Ikọ̀ orílẹ̀-èdè bọ́ sọ́wọ́ rẹ̀, idẹ Òlíńpíìkì Albertville sì tẹ̀ lé e ní 1992.

Nagano, oṣù Kejì 1998, ni kókó ọ̀rọ̀. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí NHL dá líìgì dúró nítorí Òlíńpíìkì. Inú NHL ni gbogbo ọmọ ikọ̀ Kánádà àti Amẹ́ríkà ti wá. Hlinka kó nǹkan bí ìdajì tirẹ̀ láti Yúróòpù, ó sì fi Vladimír Růžička, ẹni ọdún 34 tó ti padà sílé, ṣe balógun.

Wọ́n lu Amẹ́ríkà 4–1. Kánádà ló kàn. Jiří Šlégr, ọmọ bíbí Bubla, ló kọ́kọ́ gbá a wọlé. Trevor Linden ará Kánádà dá a padà nígbà tó ku bí ìṣẹ́jú kan. Nígbà tó di wòmí-kí-n-gbá-a-sí-ọ, Robert Reichel ló kọ́kọ́ yọ síwájú nínú àwọn ará Czech. Páàkì rẹ̀ kan òpó lẹ́gbẹ̀ẹ́ Patrick Roy, aṣọ́lé Kánádà, ó sì ré wọnú àwọ̀n. Nínú ará Kánádà márùn-ún tó dojú kọ Dominik Hašek, aṣọ́lé Czech, kò sí ẹni tó rí tiẹ̀ gbá wọlé. Orí bẹ́ǹṣì ni Wayne Gretzky, ìràwọ̀ wọn, wà, wọn ò pè é.

Lọ́jọ́ 22, ikọ̀ Hlinka àti Rọ́ṣíà wọ àṣekágbá. Títí wọ abala kẹta, òdo sí òdo. Pavel Patera já páàkì gbà, ó dé ọ̀dọ̀ Martin Procházka, Procházka tì í sẹ́yìn fún Petr Svoboda. Svoboda gbé igi sókè, ó là á mọ́lẹ̀, ó wọlé. 1–0.

Ṣé Hašek ló gba wúrà yìí? Góòlù mẹ́fà péré ló wọlé rẹ̀ nínú eré mẹ́fà, mi ò sì ní bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí ìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tí àwọn yòókù ti wá. Most ni wọ́n bí Růžička àti Svoboda sí, bíi ti Hlinka. Litvínov ni wọ́n bí Reichel sí. Gbogbo wọn, àti Šlégr, ló ti wọ aṣọ ẹgbẹ́ Litvínov rí. Svoboda ti ibẹ̀ sá lọ sí Ìwọ̀-oòrùn ní 1984. Aṣọ́lé lè máà jẹ́ kí wọ́n gbá ohunkóhun wọlé, síbẹ̀ ẹnì kan gbọ́dọ̀ mọ ẹni tí yóò rán síwájú, Hlinka sì mọ àwọn ọmọ wọ̀nyí bí ẹni mọ ọmọ àdúgbò. Ìdí nìyí tí mo fi ní wúrà náà, tirẹ̀ ni, ti ìlú kékeré yẹn sì ni.

Ó gba ìdíje àgbáyé ní 1999. Ní 2000, Pittsburgh Penguins ti NHL fi í ṣe akọ́nimọ̀ọ́gbá, Jàpáànì ni wọ́n sì ti bẹ̀rẹ̀ sáà náà, ìgbà kẹta tí ilẹ̀ yẹn wọ ìtàn rẹ̀. Ní ti ará Yúróòpù àkọ́kọ́ tó di akọ́nimọ̀ọ́gbá ní NHL: Johnny Gottselig tó darí Chicago ní àwọn ọdún 1940, Odessa ni wọ́n bí i sí, Kánádà ló dàgbà sí. Nínú àwọn tó kọ́ eré ní Yúróòpù, sáà kan náà ni Hlinka àti Alpo Suhonen ará Finland jọ wọlé, nítorí náà orúkọ méjèèjì ló yẹ kí a kọ. Ti pé Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò já gaara kò yẹ ní ohun tí à ń fa gùn: Gẹ̀ẹ́sì yẹn náà ló fi borí nínú eré 42, tó sì gbé wọn dé ìpele tó ṣáájú àṣekágbá. Wọ́n dá a dúró ní oṣù Kẹwàá 2001, lẹ́yìn tí wọ́n fìdí rẹmi nínú eré mẹ́rin àkọ́kọ́.

Ó lọ ṣe akọ́nimọ̀ọ́gbá ní Omsk ní Rọ́ṣíà. Ní 2004 ó tún gba ikọ̀ orílẹ̀-èdè, àmọ́ ìjàm̀bá ọkọ̀ nítòsí Karlovy Vary gbẹ̀mí rẹ̀ lọ́jọ́ 16 oṣù Kẹjọ, ó ku ọ̀sẹ̀ méjì kí World Cup họ́kì bẹ̀rẹ̀. Růžička ló gba iṣẹ́ náà. Pápá Litvínov ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, ẹgbẹ́ náà sì gba líìgì fún ìgbà àkọ́kọ́ ní 2015. Láti 2018, ìdíje àwọn ọ̀dọ́ tó ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ ti di Hlinka Gretzky Cup.