Ìbínú Tí Òfin Íńdíà Ń Fi Aago Wọ̀n

Ọ̀sán ọjọ́ 27 oṣù Kẹrin ọdún 1959 ni Sylvia Nanavati jẹ́wọ́ fún ọkọ rẹ̀ ní ìlú Bombay pé òun ní àlè. Ọ̀gá nínú àwọn ológun ojú omi Íńdíà ni ọkọ náà, Kawas Nanavati. Kò pariwo, kò sì na ìyàwó. Nígbà tó di nǹkan bí agogo kan àbọ̀, ó fi mọ́tò gbé ìyàwó àtàwọn ọmọ lọ síbi tí wọ́n ti fẹ́ wo sinimá, ó sọ̀ wọ́n kalẹ̀, ó sì kọrí sí ọkọ̀ ojú omi rẹ̀. Irọ́ ló pa níbẹ̀ kí wọ́n tó fún un ní ìbọn ìléwọ́ àti ọta mẹ́fà. Ó kó o sínú àpòòwé. Ó wá àlè náà, Prem Ahuja, dé ọ́fíìsì, kò bá a, ó bá tọ̀ ọ́ lọ sílé. Agogo mẹ́rin ti kọjá nígbà tí ìbọn dún lẹ́ẹ̀mẹta ní yàrá. Nanavati fúnra rẹ̀ ló lọ fara rẹ̀ lé ọlọ́pàá lọ́wọ́.

Ta ni inú ò ní bí? Ohun tí ìlú ń sọ nìyẹn. Ìwé ìròyìn Blitz gbè sẹ́yìn rẹ̀ gbágbáágbá. Àwọn agbẹjọ́rò rẹ̀ ní ìjà ló bẹ́ sílẹ̀ tí ìbọn fi ṣèèṣì yìn. Ṣùgbọ́n Ahuja ṣẹ̀ṣẹ̀ wẹ̀ tán ni, tówẹ̀lì tó ró sì wà ní ìdí rẹ̀ síbẹ̀ nígbà tí wọ́n bá òkú rẹ̀. Irú ìjà wo ni tówẹ̀lì kò ní bọ́? Síbẹ̀, mẹ́jọ nínú àwọn júrì mẹ́sàn-án ní kò jẹ̀bi. Adájọ́ kò gbà, ó taari ẹjọ́ náà sí Ilé-ẹjọ́ Gíga Bombay, wọ́n sì rán Nanavati lọ sí ẹ̀wọ̀n gbére.

Ìwé òfin ọdún 1860, tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe fún Íńdíà lẹ́yìn tí ìgbìmọ̀ Macaulay ti kọ àkọsílẹ̀ àkọ́kọ́ rẹ̀ ní 1837, ló gbé ọ̀rọ̀ ìmúnibínú wá sínú ẹjọ́ yìí. Ìwé náà ní bí ẹnì kan bá mú ènìyàn bínú gidigidi lójijì, débi pé kò lè kó ara rẹ̀ níjàánu mọ́, tó sì pa onítọ̀hún, ẹ̀sùn rẹ̀ yóò fúyẹ́ ju ti apànìyàn lọ. Kò dá a sílẹ̀ o.

Ní ọjọ́ 24 oṣù Kọkànlá ọdún 1961, Ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Íńdíà fọwọ́ sí ẹ̀wọ̀n náà. Wákàtí bíi mẹ́ta, wọ́n ní, ti tó kí ara ọkùnrin náà balẹ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n fi gbólóhùn kan kún un: adájọ́ lè wo ohun tí olóògbé ti ń ṣe sẹ́yìn, tó ti ń da ọkàn ẹni náà rú. Ní 1964, Gómìnà Vijaya Lakshmi Pandit dárí ji Nanavati, lẹ́yìn náà ni Nanavati àti Sylvia kó lọ sí Kánádà.

Gbólóhùn tí ilé-ẹjọ́ fi kún un yẹn ló wúlò jù fún àwọn obìnrin. Ẹni tí ọkọ ń lù lọ́dọọdún kì í sábà lágbára láti dá a padà lójú ẹsẹ̀. Bó bá wá ṣe nǹkan lọ́jọ́ kan, òfin á ní inú rẹ̀ ti rọ̀. Irọ́ gbáà ni. Ìyà bẹ́ẹ̀ kì í tán nínú ẹni, ṣe ló ń kó jọ.

Ní 1989, ilé-ẹjọ́ gíga Madras gbọ́ ẹjọ́ ìyá kan tí ìyà ọkọ mú kó bẹ́ sí kànga pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀. Òun yè. Àwọn adájọ́ rántí Nallathangal, ìyá inú ìtàn àwọn Tamil tó kó ọmọ rẹ̀ jù sí kànga, wọ́n sì gbà pé ìmúnibínú lè pẹ́ kó tó bú jáde. Ní 2013, ilé-ẹjọ́ gíga Gauhati dín ẹ̀sùn obìnrin kan ní Assam kù: ọkọ ń fi igi lù ú, ó já igi náà gbà, ó sì fi lu ọkọ pa.

Ọjọ́ kìíní oṣù Keje ọdún 2024 ni ìwé òfin tuntun Íńdíà bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Abala 101 rẹ̀ ṣì ń béèrè pé kí ìmúnibínú náà le, kó sì jẹ́ òjijì, gẹ́gẹ́ bí ti 1860. Àwọn aṣòfin láǹfààní láti kọ ìyà ọlọ́jọ́ pípẹ́ sínú rẹ̀. Wọn kò kọ ọ́, wọn kò sì ṣe dáadáa.