Àwọn Tó Ń Gbè Wọ́n Lẹ́yìn: Lucky Luciano àti Lawrence Anini

Ará Ítálì tí a mọ̀ nílẹ̀ yìí, kọ́lékọ́lé ni. Orúkọ iléeṣẹ́ ìkọ́lé Cappa àti D'Alberto wà lára pátákó iṣẹ́ láti ayé ìjọba amúnisìn. Ta ni yóò ka ará Ítálì mọ́ ìgárá? Ẹni tó bá ń wá irú Lucky Luciano, ọmọ Ítálì tó di ọ̀gá máfíà ní Amẹ́ríkà, láàárín wa, ìlú Benin ni kó yà sí, níbi tí Lawrence Anini ti ń jalè ní ọdún 1986. Èrò àpilẹ̀kọ yìí ni pé alágbára tó wà lẹ́yìn wọn ló sọ àwọn méjèèjì di ọ̀gá. Ìbọn kò tó o ṣe.

Lercara Friddi, ní Sicily, ni wọ́n ti bí Salvatore Lucania, tó wá di Lucky Luciano, ní 1897. Ọmọdé ni nígbà tí àwọn òbí rẹ̀ kó o dé New York. Amẹ́ríkà ka ọtí léèwọ̀ láti 1920 sí 1933, àmọ́ ọlọ́pàá àti olóṣèlú ń gba rìbá, ọtí sì ń wọlé. Ní 1931, wọ́n pa Joe Masseria àti Salvatore Maranzano, ọ̀gá máfíà méjì tó ga ju Luciano lọ. Luciano wá dá ìgbìmọ̀ àwọn ọ̀gá máfíà sílẹ̀. Agbẹjọ́rò ìjọba Thomas Dewey fi ẹ̀sùn òwò aṣẹ́wó mú un ní 1936. Wọ́n dá ẹ̀wọ̀n ọgbọ̀n ọdún sí àádọ́ta fún un. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, iléeṣẹ́ ológun ojú omi ní kó bá àwọn ṣọ́ èbúté. Dewey yìí kan náà, tó ti di gómìnà, ló tú u sílẹ̀ ní 1946, wọ́n sì dá a padà sí Ítálì.

Anini náà fi abúlé sílẹ̀ wá sí Benin. Awakọ̀ tákísì ni, ó di ẹni tí apá kò ká ní gáréèjì, ó ń wa ọkọ̀ fún olè, ó wá kó ẹgbẹ́ tirẹ̀ jọ. Ìwé ìròyìn ń pariwo pé ó ní àféèrí. Ẹni tí ọlọ́pàá ń ta lólobó kò nílò àféèrí. George Iyamu, ọ̀gá ọlọ́pàá kan, ló ń sọ àṣírí iṣẹ́ fún un. Ohun tí wọ́n ní ó da Anini àti ọlọ́pàá rú ni pé ọlọ́pàá ṣe àdéhùn láti tú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ méjì sílẹ̀, àdéhùn náà yẹ̀, Anini sì dojú ìbọn kọ ọlọ́pàá. Wọ́n yìnbọn lu Kọmíṣánnà ọlọ́pàá, Casmir Akagbosu, pàápàá. Ní oṣù Kẹwàá 1986, Ààrẹ Babangida bi Etim Inyang, ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá, níbi tí Anini wà.

Ní ọjọ́ 3, oṣù Kejìlá, ọlọ́pàá kan, Kayode Uanreroro, àti ikọ̀ rẹ̀ ká Anini mọ́ yàrá kan ní òpópónà Oyemwosa, ní Benin. Ìbọn bà á lẹ́sẹ̀, wọ́n gé ẹsẹ̀ náà. Orí kẹ̀kẹ́ aláìsàn ló ti rojọ́. Nínú oṣù Kẹta 1987 ni wọ́n yìnbọn pa á, òun àti Iyamu.

Ìyàtọ̀ wọn wà ní ibi tí ìrànlọ́wọ́ ti ń wá. Ti Luciano wà láàárín olóṣèlú, èbúté àti ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́. Bí ẹnì kan subú, òmíràn dìde. Ní 1957, ọdún mọ́kànlá lẹ́yìn tó kúrò ní Amẹ́ríkà, ọlọ́pàá ṣì ká nǹkan bí ọgọ́ta ọ̀gá máfíà mọ́ ìpàdé ní Apalachin, ní ìpínlẹ̀ New York. Àwọn ọlọ́pàá díẹ̀ ni Anini fẹ̀yìn tì, kò sì sí ìgbìmọ̀ tí yóò jogún iṣẹ́ rẹ̀.