Ìwé Ìwakọ̀ àti Ẹ̀tọ́ Ẹnì Kẹta: Òfin Adójútòfò Ọkọ̀ ní Ìwọ̀-Oòrùn Èkìtì láti 1945

1. Ìfáárà

Òwe Yorùbá ní ẹni tó bá jẹ gbì ni í kú gbì. Nínú ọ̀ràn tí iṣẹ́ yìí dá lé lórí, òwe náà kì í sábà ṣẹ. Awakọ̀ ló wa ọkọ̀ láìní ìwé ìwakọ̀ tó yẹ; ọlọ́kọ̀ ló gbé kọ́kọ́rọ́ lé e lọ́wọ́; ilé-iṣẹ́ adójútòfò ló ti gba owó. Ṣùgbọ́n nígbà tí ìjàǹbá bá ṣẹlẹ̀, èrò ọkọ̀ tàbí ẹni tí ń fẹsẹ̀ rìn lẹ́bàá ọ̀nà, tí kò mọ ohunkóhun nípa ìwé wọ̀nyí, ni ó máa ń ru àdánù náà. Ohun tí iṣẹ́ yìí fẹ́ fi hàn ni pé inú òfin fúnra rẹ̀ ni gbòǹgbò àìdọ́gba yìí wà. Nígbà tí ìjọba amúnisìn mú òfin Gẹ̀ẹ́sì wá sí Nàìjíríà ní 1945, wọ́n mú àlàfo inú rẹ̀ wá pẹ̀lú. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì wá dí àlàfo náà nílé wọn, ti ìhín wà bẹ́ẹ̀.

2. Ọ̀nà àti Àwọn Awakọ̀

Reluwé dé Òṣogbo ní 1907, kò sì dé Èkìtì. Nítorí náà ọ̀nà ọkọ̀ ni kòkó àti oúnjẹ oko ìwọ̀-oòrùn Èkìtì ń gbà jáde. Ọ̀nà náà yà ní Ìtawúrẹ́, ó gun òkè Ẹ̀fọ̀n-Aláayè, ó sì dé Àrámọ̀kọ kí ó tó kọjá sí Adó. Láti Àrámọ̀kọ ni òmíràn ti yà sí Ìjerò. Lórí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ òkè Ẹ̀fọ̀n, bíréèkì tí kò mú tàbí ọwọ́ tí kò mọ ọkọ̀ wà lè di ikú ọ̀pọ̀ ènìyàn, nítorí pé bọ́lẹ̀kájà ayé ìgbà náà ń kó èrò àti ẹrù pọ̀.

Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà kọ́ iṣẹ́ ọkọ̀ ṣe pàtàkì sí ọ̀rọ̀ yìí. Ọmọ iṣẹ́ a máa tẹ̀lé dẹ́rẹ́bà fún ọdún mélòó kan: yóò fọ ọkọ̀, yóò di ẹrù, yóò gbé igi sẹ́yìn táyà. Bí ó bá pẹ́, ọ̀gá á fún un ní ọkọ̀ wà díẹ̀díẹ̀, pàápàá nígbà tí ó bá rẹ ọ̀gá. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ṣe mọ ọkọ̀ wà kí wọ́n tó ní láísẹ́ǹsì. Ní ojú àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, irú ẹni bẹ́ẹ̀ ti di awakọ̀. Ní ojú òfin, kò tíì dì í.

3. Òfin 1945

Òfin 1930 ló kọ́kọ́ sọ adójútòfò ẹnì kẹta di dandan fún ọlọ́kọ̀ ní Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, òfin 1934 sì fún ẹni tó fara pa ní ẹ̀tọ́ láti gba owó ìdájọ́ lọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ adójútòfò fúnra rẹ̀. Àwòṣe méjèèjì ni òfin adójútòfò ọkọ̀ tí Nàìjíríà ṣe ní 1945, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1950. Ó ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ lo ọkọ̀, tàbí gbà kí ẹlòmíràn lò ó, láìsí adójútòfò fún ikú tàbí ìpalára ẹnì kẹta. Èrò tó sanwó ọkọ̀ wà lábẹ́ ààbò yìí.

Òfin náà tún mọ̀ pé ilé-iṣẹ́ lè fi àdéhùn inú ìwé sá fún gbèsè. Nítorí náà ó ka àwọn àdéhùn kan tí kò ní lágbára sí ẹnì kẹta: ọjọ́ orí tàbí ìlera awakọ̀, bí ọkọ̀ ṣe rí, iye èrò, ìwọ̀n ẹrù, àkókò àti agbègbè ìrìn, àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ọkọ̀ bá kó èrò jù, tàbí tí bíréèkì rẹ̀ bàjẹ́, ilé-iṣẹ́ kò lè torí ìyẹn kọ̀ láti sanwó.

4. Àlàfo náà

Ìwé ìwakọ̀ kò sí nínú ohun tí òfin kà sílẹ̀ wọ̀nyí. Bẹ́ẹ̀ ni ìwé adójútòfò sì sábà máa ń sọ pé awakọ̀ gbọdọ̀ jẹ́ ẹni tí òfin gbà láyè láti wa ọkọ̀, tàbí ẹni tó ti gbà láyè rí tí ilé-ẹjọ́ kò sì tíì gba ìwé lọ́wọ́ rẹ̀. Ìyàtọ̀ ńlá jáde níhìn-ín. Ẹni tí láísẹ́ǹsì rẹ̀ kàn ti kọjá ọjọ́ lè ṣì wà lábẹ́ àdéhùn, nítorí pé wọ́n ti gbà á láyè rí. Ọmọ iṣẹ́ tí kò gba ìwé rí kò sí lábẹ́ rẹ̀ rárá.

Bí àpẹẹrẹ, kí obìnrin oníṣòwò méjì wọ ọkọ̀ méjì tó jọra ní Ìjerò, kí àwọn méjèèjì sanwó, kí ọkọ̀ méjèèjì sì dojú dé ní òkè Ẹ̀fọ̀n. Bí dẹ́rẹ́bà ti àkọ́kọ́ bá ní ìwé tó ti kọjá ọjọ́, tí ti èkejì sì jẹ́ ọmọ iṣẹ́, ọ̀kan lè gba owó, èkejì lè lọ lọ́wọ́ òfo. Ohun tó yà wọ́n sọ́tọ̀ wà nínú àpò ẹlòmíràn.

Àwọn Gẹ̀ẹ́sì rí àbùkù yìí. Ìgbìmọ̀ tí Sir Felix Cassel darí tọ́ka sí i nínú ìròyìn rẹ̀ ní 1937. Ní 1946, àwọn ilé-iṣẹ́ adójútòfò ibẹ̀ dá Motor Insurers' Bureau sílẹ̀ láti máa san owó ìdájọ́ tí kò bá sí adójútòfò tó bò ó. Nígbà tí òfin Nàìjíríà fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1950, ó ti tó ọdún mẹ́rin tí wọ́n ti dí àlàfo náà lọ́hùn-ún. Wọn kò dá irú rẹ̀ sílẹ̀ níhìn-ín.

5. Ẹrù Ọlọ́kọ̀

Ọ̀nà kan ṣì kù. Nínú ẹjọ́ Monk àti Warbey, Ilé-Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn ti Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pinnu pé ọlọ́kọ̀ tó yá ẹni tí adójútòfò kò bò ní ọkọ̀ gbọdọ̀ fi owó ara rẹ̀ san àdánù ẹni tó fara pa. Ọ̀rọ̀ òfin tí wọ́n gbé ìdájọ́ náà kà wà nínú òfin Nàìjíríà pẹ̀lú. Ṣùgbọ́n ìdájọ́ kò níye lórí ju àpò ẹni tí wọ́n dá a lé. Ọ̀pọ̀ ọlọ́kọ̀ ni kò ní ju ọkọ̀ kan ṣoṣo tó ti fọ́ yẹn. Èyí wà lára ìdí tí ọ̀rọ̀ fi máa ń parí sí ẹ̀bẹ̀: ọlọ́kọ̀ yóò san owó ilé-ìwòsàn tàbí ti ìsìnkú, àwọn àgbà yóò sì bá ẹbí sọ̀rọ̀. Ẹ̀bẹ̀ ń pa ìjà, ó sì ń dá àlàáfíà padà sí ìlú. Síbẹ̀ kò lè bọ́ ọmọ òrukàn dàgbà.

6. Àgbálọgbábọ̀

Àjọ Ẹ̀ṣọ́ Ojú Pópó tí ìjọba àpapọ̀ dá sílẹ̀ ní 1988, tí Wọlé Ṣóyínká jẹ́ alága rẹ̀ àkọ́kọ́, mú kí àyẹ̀wò ìwé awakọ̀ gbilẹ̀. Òfin Adójútòfò ti 2003 sì ṣètò àpò owó kan fún àwọn tí awakọ̀ tí a kò mọ̀, tàbí tí kò ní adójútòfò, bá pa tàbí sọ di aláàbọ̀ ara títí láé. Ó tó ọdún mẹ́tàdínlọ́gọ́ta lẹ́yìn ti Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Àpò náà kò ka ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kán tó sì san, bẹ́ẹ̀ ni kò sọ gbangba bóyá ọkọ̀ tó ní ìwé adójútòfò, ṣùgbọ́n tí awakọ̀ rẹ̀ kò ní láísẹ́ǹsì, jẹ́ ọkọ̀ tí kò ní adójútòfò. Ní 2025, òfin tuntun gba ipò ti 2003.

Ìtàn yìí fi hàn pé ìyà tí ó tọ́ sí awakọ̀ tí kò ní ìwé jẹ́ ọ̀ràn àárín òun àti ìjọba, àti àárín ọ̀gá rẹ̀ àti ilé-iṣẹ́ adójútòfò. Ẹnì kẹta kò sí níbi àdéhùn náà. Òfin tó bá sì fi àṣìṣe àwọn yẹn du èrò ọkọ̀ ní ẹ̀tọ́ rẹ̀ ń béèrè pé kí obìnrin oníṣòwò Ìjerò kọ́kọ́ yẹ láísẹ́ǹsì dẹ́rẹ́bà wò kí ó tó gbé ẹrù rẹ̀ sọ́kọ̀.